Ẹ Ka Serial Number Ẹ̀rọ Kí Ẹ Tó Mú Súkúdiráfà: Ẹ̀kọ́ Tí Mo Kọ́ Nídìí Àtúnṣe Ẹ̀rọ Ìdárayá

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ iṣẹ́ àtúnṣe ẹ̀rọ ìdárayá, ì báà jẹ́ ti inú ilé tàbí ti jíìmù, ohun àkọ́kọ́ tí mo fẹ́ kí ẹ máa ṣe tí ẹ bá ti dé ìdí ẹ̀rọ ni pé kí ẹ wá serial number rẹ̀, ìyẹn nọ́ńbà ìdánimọ̀ tó jẹ́ tirẹ̀ nìkan, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, kí ẹ sì ya fọ́tò rẹ̀. Ẹ ṣe é kí ẹ tó tú bóòtù kankan, kí ẹ tó dá owó lé oníbàárà, kí ẹ sì tó pe ẹnikẹ́ni tó ń ta ẹ̀yà ara ẹ̀rọ. Ọ̀gá tó kọ́ mi níṣẹ́ kì í jẹ́ kí a mú irinṣẹ́ jáde nínú àpò bí a kò bá tíì ka nọ́ńbà náà sí i létí, bí iṣẹ́ sì ti ń wọ̀ mí lára ni mo ń rí ìdí tó fi rí bẹ́ẹ̀.

Ọ̀pọ̀ oníbàárà ló máa sọ fún yín pé treadmill (ẹ̀rọ tí ènìyàn ń sáré lórí rẹ̀) Life Fitness ni àwọn ní, tàbí pé kẹ̀kẹ́ Technogym ni, wọ́n á sì gbà pé àwọn ti sọ gbogbo ohun tó yẹ kí ẹ mọ̀. Wọn kò purọ́, ṣùgbọ́n ohun tí wọ́n sọ kò tó fún ẹni tó fẹ́ ra ẹ̀yà ara ẹ̀rọ. Ilé iṣẹ́ kan lè máa ta ẹ̀rọ kan lórúkọ kan náà fún ọ̀pọ̀ ọdún, kí wọ́n sì ti pààrọ̀ mọ́tọ̀ rẹ̀, tàbí bọ́ọ̀dù tó ń darí mọ́tọ̀, tàbí gígùn bẹ́líìtì rẹ̀ láàárín ìgbà náà, láìfi ọwọ́ kan ohunkóhun tí ojú lè rí lóde. Ẹ̀rọ méjì á wá jọra bí ìbejì, síbẹ̀ ohun tó wọ inú ọ̀kan kò ní wọ inú èkejì. Ìdí nìyí tí ìwé ẹ̀yà ara ẹ̀rọ fi máa ń sọ pé láti nọ́ńbà báyìí dé nọ́ńbà báyìí, bọ́ọ̀dù kan ni ẹ̀rọ náà ń lò, àti pé láti nọ́ńbà tó tẹ̀ lé e lọ sókè, òmíràn ni. Onílé jíìmù kan ní Ìbàdàn ra bọ́ọ̀dù láti òkè òkun nípa orúkọ ẹ̀rọ nìkan. Nígbà tó dé, gbogbo ihò bóòtù rẹ̀ bá ara mu, àwọ̀ rẹ̀ kò yàtọ̀, àmọ́ ẹnu wáyà tó ń lọ sí mọ́tọ̀ kò bá tara ẹ̀rọ náà mu rárá. Kò sí ẹni tó gbà á padà lọ́wọ́ rẹ̀. Nọ́ńbà tí ì bá gbà á lọ́wọ́ ìnáwó náà wà lára irin, kò ju ìgbọ̀nwọ́ kan lọ sí ibi tí ó dúró sí.

Ẹ tún kíyè sí i pé mọ́dẹ́ẹ̀lì àti serial number kì í ṣe ohun kan náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé orí sítíkà kan náà ni wọ́n sábà máa ń wà. Mọ́dẹ́ẹ̀lì ni gbogbo ẹ̀rọ irú kan jọ ń jẹ́, serial number sì ni ti ẹyọ kan ṣoṣo. Lára treadmill NordicTrack àti ProForm, ẹ ó rí mọ́dẹ́ẹ̀lì tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú lẹ́tà bíi NTL tàbí PFTL, tí nọ́ńbà tẹ̀ lé, tí àmì tó kéré gan-an àti nọ́ńbà kan ṣoṣo sì parí rẹ̀, bíi .0, .1 tàbí .2. Ọ̀pọ̀ ènìyàn kì í kọ èyí tó gbẹ̀yìn yẹn nítorí pé wọ́n rò pé kò já mọ́ nǹkan kan. Òun gan-an ló ń sọ ìgbà mélòó tí ilé iṣẹ́ ti tún ẹ̀rọ náà ṣe, bí .1 sì ti yàtọ̀ sí .2 lè jẹ́ odindi bọ́ọ̀dù.

Treadmill ni ẹ ó máa bá pàdé jù, nítorí náà ẹ jẹ́ kí n dúró lórí rẹ̀ díẹ̀. Iwájú ni mo máa ń kọ́kọ́ wò, nísàlẹ̀, ní ẹ̀gbẹ́ ibi tí wáyà iná ti wọ inú ẹ̀rọ àti ibi tí bọ́tìnì ìtanná wà. Bí kò bá sí níbẹ̀, mo máa ń wo ara férémù lábẹ́ ìdérí mọ́tọ̀, lẹ́yìn náà ni màá wo abẹ́ pákó tí ènìyàn ń sáré lórí rẹ̀, pàápàá jù lọ lára àwọn tó ṣeé ká sókè. Kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ síbẹ̀, ẹ yọ púlọ́ọ̀gì kúrò lára iná pátápátá, nítorí pé pípa bọ́tìnì nìkan kò tó. Bọ́ọ̀dù tó ń darí mọ́tọ̀ ní kapásítọ̀ tó ń tọ́jú iná pamọ́ lẹ́yìn tí a bá ti yọ púlọ́ọ̀gì. Tó bá di dandan kí ẹ ṣí ìdérí, ẹ ní sùúrù fún ìṣẹ́jú mélòó kan kí ẹ tó ṣí i, kí ẹ má sì fi ọwọ́ kan bọ́ọ̀dù náà rárá, nítorí pé nọ́ńbà lẹ ń wá, ẹ kò tíì bẹ̀rẹ̀ àtúnṣe. Èyí tó ṣeé ká sókè, ẹ rí i dájú pé ìkọ́ tó ń gbé e dúró ti há dáadáa, kí ẹnì kan sì di pákó náà mú, nítorí ó wúwo tó láti ṣẹ́ apá ènìyàn. Èyí tí kò ṣeé ká, tó lè gbé iwájú sókè kó tún sọ̀ ọ́ kalẹ̀, ẹ má ṣe ki orí tàbí apá bọ abẹ́ rẹ̀. Ẹ tan iná fóònù yín, ẹ fi fóònù náà há orí igi gbọọrọ kan, ẹ tì í sábẹ́ ẹ̀rọ, kí ẹ ya fídíò; orí fídíò náà ni ẹ ó ti ka nọ́ńbà yín ní ìjókòó.

Kẹ̀kẹ́ ìdárayá àti elliptical, ẹ̀rọ tí a ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ní ìdúró, kò le tó bẹ́ẹ̀. Irin ìdábùú tó jókòó sórí ilẹ̀, yálà níwájú tàbí lẹ́yìn, ni sítíkà wọn sábà máa ń wà, bí kò bá sí níbẹ̀ kí ẹ wo abẹ́ ọ̀pá ìjókòó. Ẹ̀rọ tí a fi ń gbé irin wíwúwo máa ń ní tirẹ̀ lára òpó, ní ẹ̀yìn tàbí ní ẹ̀gbẹ́ tó kọjú sí àwọn irin náà. Dọ́ńbẹ́ẹ̀lì lásán kì í sábà ní nọ́ńbà kankan.

Ẹ̀rọ ìtukọ̀ Concept2, èyí tí ènìyàn ń fà bí ẹni tó ń tu ọkọ̀ ojú omi, tí wọ́n ń ṣe ní ìpínlẹ̀ Vermont ní Amẹ́ríkà, tọ́ sí ọ̀rọ̀ tirẹ̀, nítorí pé serial number rẹ̀ ń sọ ọjọ́ orí rẹ̀ fún ẹni tó bá mọ̀ ọ́n kà. Nọ́ńbà mẹ́fà àkọ́kọ́ jẹ́ oṣù, ọjọ́ àti ọdún. Ẹ rántí pé ìlànà Amẹ́ríkà ni, tó ń fi oṣù ṣáájú ọjọ́: bí ẹ bá rí 050812, ọjọ́ kẹjọ oṣù karùn-ún ọdún 2012 ni, kì í ṣe ọjọ́ karùn-ún oṣù kẹjọ. Nígbà tí ẹni tó ń ta tòkunbọ̀ bá sọ fún oníbàárà yín pé ẹ̀rọ náà kò tíì lò ju ọdún méjì lọ, ẹ fi pẹ̀lẹ́tù ka nọ́ńbà mẹ́fà yẹn sí i létí. Ẹ má sì jẹ́ kí nọ́ńbà ojú ẹ̀rọ náà, ìyẹn síkírìnì rẹ̀, ṣì yín lọ́nà, nítorí ó ní tirẹ̀ lọ́tọ̀, ènìyàn sì lè gbé ojú ẹ̀rọ tuntun kan sórí férémù tó ti gbó.

Ọ̀rọ̀ ojú ẹ̀rọ yìí ń mú mi rántí àwọn nọ́ńbà mìíràn tó máa ń fara jọ èyí tí à ń wá. Mọ́tọ̀ ní sítíkà tirẹ̀, tí agbára rẹ̀ àti iye fóòtì (V) iná rẹ̀ wà lórí rẹ̀. Bọ́ọ̀dù ní tirẹ̀. Ẹ̀yìn ojú ẹ̀rọ lè ní nọ́ńbà FCC, ti àjọ tó ń bójú tó ìbánisọ̀rọ̀ ní Amẹ́ríkà, tí kò kan ọ̀rọ̀ yín. Páálí tí wọ́n fi dì í sì ní nọ́ńbà ọjà tí ilé ìtajà fi ń ṣírò owó. Ẹ̀rọ Life Fitness tó ń ṣiṣẹ́ ní jíìmù ńlá máa ń ní serial number méjì, ọ̀kan fún férémù, èkejì fún ojú ẹ̀rọ. Méjèèjì ni kí ẹ kọ, kí ẹ sì kọ èwo ni èwo sí i lára. Tí ọ̀rọ̀ bá jẹ mọ́ bẹ́líìtì, rólà tàbí mọ́tọ̀, ti férémù ni ẹ ó lò.

Ó kù bí a ti ń ka sítíkà tó ti pa rẹ́, níbi tí ọ̀pọ̀ yín yóò ti fẹ́ sá. Òógùn ló máa ń bà á jẹ́. Iyọ̀ inú òógùn á gbẹ sórí rẹ̀, á dì bí ẹfun, eruku á lẹ̀ mọ́ ọn, ọwọ́ ẹni tó ń nu ilẹ̀ á sì máa fi àkísà gbo ó lójoojúmọ́. Ẹ má ṣe da pẹtiróòlù, tínà tàbí ọtí líle sí i, nítorí pé yíǹkì náà á bá a lọ. Omi ọṣẹ díẹ̀ nínú aṣọ rírọ̀ ni kí ẹ fi lé e, kí ẹ jẹ́ kó wà níbẹ̀ títí iyọ̀ á fi rọ̀, kí ẹ wá nù ún sí apá kan ṣoṣo láìgbo ó. Lẹ́yìn èyí, ẹ pa iná yàrá, ẹ fi tọ́ọ̀ṣì tan ìmọ́lẹ̀ sí i láti ẹ̀gbẹ́, kí ìmọ́lẹ̀ náà fẹ́rẹ̀ẹ́ máa rákò lórí sítíkà. Nọ́ńbà tí ojú kò rí tẹ́lẹ̀ á yọ nítorí pé ibi tí wọ́n tẹ̀ ẹ́ sí ṣì jinlẹ̀ díẹ̀. Ẹ ya fọ́tò rẹ̀ láti apá òsì, láti apá ọ̀tún àti láti ìsàlẹ̀, kí ẹ sọ fọ́tò náà di aláwọ̀ dúdú àti funfun lórí fóònù. Bí wọ́n bá fín nọ́ńbà náà sára irin, ẹ fi ṣọ́ọ̀kì kùn ún, kí ẹ nu orí rẹ̀ kúrò. Èyí tó kù sínú ihò ni ẹ ó kà. Ẹ̀rọ tòkunbọ̀ mìíràn wà tí wọ́n ti kun ọ̀dà tuntun sórí sítíkà rẹ̀. Ẹ fi ìka tọ́ ara irin náà ní ibi tó yẹ kó wà, ọwọ́ yín á kan etí sítíkà lábẹ́ ọ̀dà.

Tí ẹ bá ń dà á kọ, 8 àti B, 0 àti O, 5 àti S, 1 àti I ni ẹ ó ṣọ́ra fún. Ẹ fi wé nọ́ńbà mìíràn tó wà lórí sítíkà kan náà, tí ẹ ti mọ̀ dájú pé nọ́ńbà ni, kí ẹ wo bí wọ́n ṣe kọ ọ́. Ibi tí kò bá dá yín lójú, ẹ fa ìlà sábẹ́ rẹ̀ nínú ìwé yín, kí ẹ fi fọ́tò ránṣẹ́ sí ẹni tó ń ta ẹ̀yà ara ẹ̀rọ dípò kí ẹ méfò.

Ẹ má ṣe kúrò ní ìdí sítíkà náà láìka ohun tó kù lórí rẹ̀. Èyí ṣe pàtàkì fún wa ní Nàìjíríà ju bó ti ṣe pàtàkì fún ọ̀pọ̀ ènìyàn lọ, nítorí pé láti Amẹ́ríkà ni ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ tòkunbọ̀ ti ń wọlé. Bí ẹ bá rí 120V, 60Hz lórí rẹ̀, iná ilé wa tó jẹ́ 230V sókè á jó bọ́ọ̀dù rẹ̀ lójú ẹsẹ̀, àfi bí tíránsífọ́mà tó lágbára tó bá wà láàárín. Èyí tó bá wá láti ìlú ọba, tó jẹ́ 220V sí 240V, 50Hz, bá iná wa mu. Mo ti rí ilé tí wọ́n ti gbé ẹ̀rọ tuntun wọlé tí wọ́n sì ti ki púlọ́ọ̀gì bọ iná kí ẹnikẹ́ni tó wo sítíkà náà. Ó dùn mí gan-an, nítorí pé kíkà á kò ná wọn ní kọ́bọ̀.

Ẹ̀mí ènìyàn pẹ̀lú wà nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2021, ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ ìdárayá Peloton àti àjọ tó ń bójú tó ààbò ọjà ní Amẹ́ríkà kéde pé kí àwọn ènìyàn dẹ́kun lílo treadmill Tread+, tí mọ́dẹ́ẹ̀lì rẹ̀ jẹ́ TR01. Nǹkan bí 125,000 ni iye rẹ̀, ọmọdé kan sì ti kú lẹ́yìn tí ẹ̀rọ náà fa ọmọ náà wọ abẹ́ ẹ̀yìn rẹ̀. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2023, wọ́n tún kéde pé ọ̀pá ìjókòó kẹ̀kẹ́ Peloton PL01 lè ṣẹ́ nígbà tí ènìyàn bá wà lórí rẹ̀, ó sì lé ní mílíọ̀nù méjì kẹ̀kẹ́ tí ọ̀rọ̀ náà kàn. Inú fọ́ọ̀kì iwájú, nítòsí àgbá tó ń yí, ni mọ́dẹ́ẹ̀lì kẹ̀kẹ́ náà wà. Irú ìkéde bẹ́ẹ̀ kì í bá ẹ̀rọ wọ ọkọ̀ ojú omi. Ẹni tó rà á ní Èkó kò ní gbọ́, àfi bí ẹ̀yin tó ń tún un ṣe bá mú nọ́ńbà rẹ̀ lọ wò lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí ẹ sì sọ fún un.

Nígbà mìíràn ẹ ó bá ẹ̀rọ tí wọ́n ti fi ọ̀bẹ ha nọ́ńbà rẹ̀ kúrò, tí ibi sítíkà náà mọ́ ju ibi yòókù lọ. Ẹ sọ ohun tí ẹ rí fún oníbàárà kó tó sanwó, pé ó lè jẹ́ ẹ̀rọ jíjí, kí ẹ sì jẹ́ kó béèrè ìwé rírà lọ́wọ́ ẹni tó ń tà á. Ẹ má ṣe gbà láti lẹ sítíkà ẹ̀rọ mìíràn mọ́ ọn fún ẹnikẹ́ni, iye yòówù kó fẹ́ san.

Ní ti ìwé àkọsílẹ̀, ẹ kọ orúkọ ẹ̀rọ, mọ́dẹ́ẹ̀lì títí dé nọ́ńbà tó gbẹ̀yìn, serial number férémù, ti ojú ẹ̀rọ bí ó bá ní, iye fóòtì, àti ọjọ́ tí ẹ kà á. Ẹ fi ibi tí ẹ ti rí sítíkà náà kún un, kí ẹni tó bá tún wá ṣiṣẹ́ níbẹ̀ má baà máa dọ̀bálẹ̀ kiri nínú eruku. Ẹ fi fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí onílé jíìmù lórí WhatsApp lójú ẹsẹ̀, kí ẹ sì sọ fún un pé kó tẹ̀ ẹ́ jáde, kó fi sínú fáìlì pẹ̀lú ìwé rírà ẹ̀rọ náà, nítorí pé sítíkà tó ṣeé kà lónìí lè má ṣeé kà mọ́ nígbà tí bẹ́líìtì bá tún já.