Gààrí ni mo fi ṣe ìró ẹsẹ̀ lónìí

Kùtùkùtù ni mo jí, kí àwọn ará àdúgbò tó tan jẹnẹrétọ̀, torí tí jẹnẹrétọ̀ bá ti dún ní Òkè-Baálẹ̀ l'Óṣogbo níbí, kò sóhun tí máìkì fẹ́ gbọ́ mọ́. Akọni inú géèmù wa, tí mò ń ṣe ìró fún, fẹ́ rìn lórí iyanrìn gbígbẹ, mo wá rọ gààrí sínú àpò kékeré kan, mo ń fọwọ́ tẹ̀ ẹ́ ní kẹ̀rẹ̀kẹ̀rẹ̀ lẹ́bàá máìkì, àfi bí màámi ṣe yọjú: "Ṣé gààrí tá a fẹ́ mu lo fi ń ṣeré yẹn?" Mo ní iṣẹ́ ni mà. Wọ́n kàn wò mí ni.

Ìró ẹsẹ̀ kan ṣoṣo ò lè tó o. Tó bá jẹ́ ọ̀kan náà ló ń dún lọ, kíá letí máa mọ̀ pé ẹ̀rọ ni, torí náà oríṣiríṣi ni mo gbà sílẹ̀, kóòdù, ìyẹn àṣẹ tá a kọ fún géèmù, á wá máa ṣà wọ́n mú, kò gbọ́dọ̀ mú ọ̀kan lẹ́ẹ̀mejì léra, á tún máa gbé ohùn ẹ̀ sókè sódò díẹ̀.

Orin gan-an ló jẹ ọ̀sán mi. Géèmù Space Invaders tí wọ́n ṣe ní Japan lọ́dún 1978, ohùn mẹ́rin péré lorin ẹ̀, ó kàn ń yí po ni, àmọ́ bó o ṣe ń pa àwọn ọ̀tá lorin ń yára sí i, tí àyà èèyàn á máa já. Àwọn ọ̀tá yẹn náà ń sáré sí i, torí pé bí wọ́n ṣe ń dín kù ni iṣẹ́ ń fúyẹ́ lọ́rùn ẹ̀rọ, Nishikado tó ṣe é sì fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ohun tí onílù ń ṣe lóde àríyá náà nìyẹn, ẹsẹ̀ ẹni tó ń jó ló ń wò. Nínú géèmù tiwa, mo ti fi dùndún sísàlẹ̀, tí ọ̀tá bá sún mọ́ akọni wa, gúdúgúdú á wọlé, wàhálà ibẹ̀ ni pé kò gbọ́dọ̀ já wọ àárín ìlù, ó gbọ́dọ̀ dúró kí ìyá ìlù parí ọ̀rọ̀ ẹ̀ ná. Ìyẹn ló gbà mí lákòókò ju gbogbo ẹ̀ lọ. Ẹ̀gbọ́n mi sì ń pè pé kí n kó wá sí Èkó kí n lọ wá iṣẹ́ gidi, hẹn.

Ó ku ìró omi. Lọ́la mo fẹ́ lọ sígbó Ọ̀ṣun, àmọ́ àwọn ọ̀bọ ibẹ̀ yẹn, tí wọ́n bá já máìkì gbà lọ́wọ́ mi, ta ló fẹ́ ra òmíì fún mi?