Ọmọ Adenle nínú ẹgbẹ́ ska

Sátidé, alẹ́

Orin The Selecter, ẹgbẹ́ olórin ska (orin ijó Jàmáíkà tó ṣáájú rẹ́gẹ̀) láti Coventry nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni mo fi lọ aṣọ lálẹ́ yìí. Gìtá ń já wọlé gẹ́gẹ́ láàárín ìlù, obìnrin kan sì ń fohùn tín-ín-rín bá ilé rédíò jà. Ẹ̀sùn tó fi kàn wọ́n nínú On My Radio ni pé nǹkan kan náà ni wọ́n ń gbé sáfẹ́fẹ́ ṣáá. Rédíò sì gbé òun náà, orin ọ̀hún bọ́ sí ipò kẹjọ lórí àtẹ orin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lọ́dún 1979!

Pauline Black lorúkọ rẹ̀. Gordon Adenle, ọmọ Yorùbá, ló bí i fún ọmọge òyìnbó kan tó jẹ́ Júù, ìdílé òyìnbó mìíràn ní Romford ló sì gbà á tọ́. Vickers ni wọ́n ń pè é níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà “black” kì í jáde lẹ́nu wọn. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀ orin, ó ṣì ń ya àwòrán X-ray fáwọn aláìsàn ní Coventry. Kí àwọn ọ̀gá ibẹ̀ má baà fura ló ṣe wá orúkọ mìíràn, Black ló sì mú, kó di dandan fún àwọn ará ilé láti fi ẹnu ara wọn pè é. Ọgbọ́n burúkú! Ó dùn mọ́ mi ju orin lọ.

Mo ti ń ro bí orin Jàmáíkà ṣe wọ àárín àwọn ọmọ punk gan-an, àwọn ọ̀dọ́ tó fẹ́ràn orin gìtá aláriwo. Ní ilé ijó Roxy ní Covent Garden, 1977, Don Letts ló ń fi àwo sí i, ọmọ Jàmáíkà tí wọ́n bí sí London. Punk ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọ, àwo rẹ̀ kò tíì pọ̀. Ẹgbẹ́ kan á sọ̀ kalẹ̀, òmíràn á ṣì máa to irinṣẹ́. Rẹ́gẹ̀ àti dub (rẹ́gẹ̀ tí wọ́n yọ ohùn orin kúrò, tí bàsì àti ìlù gba iwájú) tó ní lọ́wọ́ ló fi ń dí àlàfo náà. Àwọn ọmọ òyìnbó onítìróò, tí píìnì kún aṣọ wọn, gbọ́ bàsì tó ń gbá wọn láyà, wọn ò fẹ́ kó dáwọ́ dúró mọ́. Ẹnikẹ́ni tó bá sọ pé ìfẹ́ ẹ̀yà sí ẹ̀yà ló kọ́kọ́ mú un wá, èmi ò bá a jiyàn púpọ̀, ṣùgbọ́n àìtó àwo ni mo rí. Lọ́dún yẹn náà ni ẹgbẹ́ punk The Clash gbé orin Junior Murvin, olórin rẹ́gẹ̀ ọmọ Jàmáíkà, kọ, Lee Perry tó ṣe àwo Murvin sì wá ṣe àwo orin wọn Complete Control fún wọn.

Ní Coventry, Jerry Dammers dá 2 Tone, ilé iṣẹ́ àwo tó gbé orin The Selecter jáde, sílẹ̀ ní 1979. Àwòrán Peter Tosh, olórin rẹ́gẹ̀, ni wọ́n wò ya àmì rẹ̀: kóòtù dúdú, táì dúdú, ìbọ̀sẹ̀ funfun.

Síbẹ̀ àwọn afárí-kodoro (skinhead) tó ń ti National Front, ẹgbẹ́ òṣèlú tó kórìíra àwọn aláwọ̀ dúdú, lẹ́yìn ń wá síbi eré àwọn ẹgbẹ́ 2 Tone. Wọ́n á jó, wọ́n á làágùn, wọ́n á sì na ọwọ́ sókè bíi ti Hitler. Àwọn méje ló wà lórí pèpéle The Selecter, Neol Davies nìkan ni òyìnbó láàárín wọn, ọmọ Adenle sì dúró níwájú nínú kóòtù ọkùnrin. Orin ta ni wọ́n rò pé àwọn ń jó?