Láàrin aṣálẹ̀ àti ajílẹ̀

Ọjọ́bọ̀, oṣù Ṣẹrẹ. Alẹ́.

Ọyẹ́ ọdún yìí le. Mo nu tábìlì mi ní aago mẹ́fà àárọ̀. Nígbà tó fi máa di aago mẹ́wàá, mo ti lè fi ìka kọ orúkọ mi sórí rẹ̀. Ètè mi ti là, ẹsẹ̀ mi funfun bíi ti ẹni tó ń gún ẹ̀lùbọ́. Eruku yìí kì í sì í ṣe ti Ìbàdàn. Ọ̀nà jíjìn ló ti gbéra: ibì kan wà ní orílẹ̀-èdè Chad tí wọ́n ń pè ní Bodélé, ìsàlẹ̀ ọ̀sà ayé àtijọ́ tó ti gbẹ, ibẹ̀ ni afẹ́fẹ́ ti ń gbọ́n púpọ̀ nínú rẹ̀ wá bá wa. Ọdọọdún ni aṣálẹ̀ ń wá kí mi nínú pálọ̀. Èmi ò lọ kí i padà rí, àfi ọ̀sẹ̀ yìí tí iṣẹ́ gbé mi débẹ̀.

Iṣẹ́ ìtumọ̀ ni, ojú ewé mẹ́rin, fún ètò àwọn àgbẹ̀ lórí rédíò. Láti ọjọ́ Ajé ni mo ti wà lórí rẹ̀. Inú rẹ̀ ò yọ mí lẹ́nu, àkọlé ló dá mi dúró. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni wọ́n fi kọ ọ́ lédè Òyìnbó, ọ̀rọ̀ tó túmọ̀ sí pé kí wọ́n sọ yanrìn aṣálẹ̀ di ilẹ̀ tí nǹkan lè hù lórí rẹ̀, ọ̀gá ètò sì ní ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo lòun náà fẹ́ gbà lọ́wọ́ mi. Mo kọ "ìsọyanrìndilẹ̀ọlọ́ràá". Mo kà á sókè kí n lè gbọ́ bó ṣe máa dún lẹ́nu sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀. Ọmọ mi tó ń mu ẹ̀kọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi gbójú sókè, ó ní, "Mọ́mì, oríkì ta nìyẹn?"

Mo pa á rẹ́.

Kì í ṣe pé ọ̀rọ̀ Òyìnbó náà ò níbi tó ti bá a mu. Ní 2016, Yi Zhijian àti àwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ ní yunifásítì kan ní Chongqing, ní Ṣáínà, gbé ìwádìí kan jáde: wọ́n po oje kan tí wọ́n rí lára ewéko mọ́ yanrìn, oje náà ń so hóró yanrìn mọ́ra, omi ò sì jò lọ mọ́. Aṣálẹ̀ Ulan Buh ni wọ́n ti dán an wò, ewébẹ̀ sì hù níbẹ̀. Àwọn ará Norway náà ní tiwọn, amọ̀ tí wọ́n pò mọ́ omi títí ó fi ń ṣàn gereré, tí wọ́n ń fọ́n sórí yanrìn. Ní 2020 wọ́n fi gbin wọtamẹ́lọ̀n ní Dubai. Yanrìn gidi nìyẹn, owó gidi, ẹ̀rọ gidi. Yanrìn wọlé, ilẹ̀ jáde, bí ìgbà tí èèyàn gbé àgbàdo lọ sọ́dọ̀ ọlọ́lọ. Kí wọ́n máa lo ọ̀rọ̀ wọn lọ.

Ṣùgbọ́n ojú ewé mẹ́ta nínú mẹ́rin tó wà níwájú mi, Burkina Faso àti Niger ló ń sọ. Níbẹ̀ kò sẹ́ni tó ń fọ́n nǹkan kan sórí nǹkan kan, yanrìn pàápàá kọ́ ni wàhálà wọn. Ilẹ̀ tí òjò ti fọ ojú rẹ̀ lọ ni, tí oòrùn wá yan án títí ó fi gan bíi sìmẹ́ńtì. Òjò á rọ̀ sí i, á ṣàn kọjá bí ẹni da omi sórí páànù. Àwọn Mossi Burkina ń pè é ní zipellé, ilẹ̀ funfun. Àwọn Haúsá Niger ń pè é ní fako.

Ọkùnrin kan wà nínú ìwé náà tí mo kà nípa rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì kí n tó túmọ̀ rẹ̀. Yacouba Sawadogo ni, ará abúlé Gourga nítòsí ìlú Ouahigouya ní Burkina. Ọjà ló ń tà tẹ́lẹ̀. Ọ̀dá àwọn ọdún 1970 ti lé ọ̀pọ̀ èèyàn kúrò lágbègbè náà, àwọn tó kù ń wá ọ̀nà àtilọ, lòun bá pa ìsọ̀ tì ní nǹkan bí 1980, ó gba oko lọ. Kòtò tí àwọn bàbá wọn ti ń gbẹ́ tipẹ́ lòun náà gbẹ́, àmọ́ ó jẹ́ kó fẹ̀ sí i, kó jìn sí i, ó sì ń da ìgbẹ́ ẹran àti ewé gbígbẹ sí i. Inú ẹ̀ẹ̀rùn gangan ló ń ṣe é, nígbà tí ẹlòmíì wà lábẹ́ igi. Wọ́n ní orí rẹ̀ ti dàrú. Wọ́n tiná bọ igi rẹ̀ pàápàá.

Ikán ló kọ́kọ́ gbọ́ tirẹ̀. Òórùn ìgbẹ́ àti ewé ló fà wọ́n wá, wọ́n ń lu ihò káàkiri abẹ́ ilẹ̀ tí ọkọ́ ò lè dé, omi wá rí ọ̀nà wọlé. Èmi tí ikán jẹ férémù ilẹ̀kùn mi tán lọ́dún tó kọjá, ó pẹ́ kí n tó lè kọ gbólóhùn tó yin ikán yẹn láìdijú. Bí ọkà bàbà ṣe ń hù nínú kòtò, bẹ́ẹ̀ ni hóró èso igi tó wà nínú ìgbẹ́ ẹran ń hù lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Kò fà wọ́n tu. Wọ́n di igbó tó lé ní ogún hẹ́kítà. Wọ́n fún un ní ẹ̀bùn Right Livelihood ní 2018, Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé bọlá fún un ní 2020, ó sì kú ní oṣù Ọ̀pẹ 2023.

Zaï ni wọ́n ń pe kòtò náà. Mo wá ìtumọ̀ rẹ̀ lọ, mo sì jókòó tì í pẹ́. Wọ́n ní láti inú zaïégré ló ti wá, pé kéèyàn jí ní kùtù hàì kó yára lọ tún ilẹ̀ rẹ̀ ṣe. Ẹ wò ó, orúkọ náà ò dárúkọ yanrìn, kò dárúkọ ọ̀rá ilẹ̀. Ẹni tó tètè jí ló dárúkọ.

Lánàá ni mo wá rántí Màlámù tó ń ta tíì ní ìkòríta wa. Ó ti tó ọdún méjìlá tó ti wà níbẹ̀, gbogbo àdúgbò ló mọ̀ pé ará Niger ni, ọ̀nà Illéla (kì í ṣe Illela ti Ṣókótó o, ti apá Tahoua lọ́hùn-ún). Mo ní, "Màlámù, ẹ jọ̀ọ́, kí lẹ ń pe kòtò tí wọ́n ń gbin jéró sí nílé yín?"

Kò tiẹ̀ rò ó. "Tassa." Ó gbé kọ́ọ̀pù sílẹ̀, ó pa àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì pọ̀ bí abọ́. "Màmá, ta ló sọ fún yín?"

Nírọ̀lẹ́ ó yá ọkọ́, ó wá sílé. Ó ń rìn kiri ẹ̀yìnkùlé, ó ń fi gìgísẹ̀ tẹ ilẹ̀, títí ó fi dé ibi tí mọ́tò ń dúró sí lójoojúmọ́. Ó ní, "Fako nìyí." Ó ní kí n da omi sí i. Mo da omi ike kan. Omi náà sá gba ẹ̀gbẹ́ ògiri lọ, ilẹ̀ ò tiẹ̀ tọ́ ọ wò. Ló bá bẹ̀rẹ̀. Ọkọ́ kọ́kọ́ ń ró kan, kan, bí ẹni bá òkúta. Ó gbẹ́ ẹ títí ó fi fẹ̀ tó abọ́ ọbẹ̀ ńlá, tó sì jìn tó láti ibi ìka dé ọrùn ọwọ́. Erùpẹ̀ tó hú jáde, kò fọ́n ọn ká. Apá ibi tí ilẹ̀ ti dà sísàlẹ̀ ló kó gbogbo rẹ̀ sí, ó mọ ọ́n bí ìdènà kékeré, kí omi tó bá ń sáré bọ̀ láti òkè lè já sínú kòtò kó má sì ríbi lọ. Ó bu ìgbẹ́ àgbò nídìí èèkàn, ẹ̀kúnwọ́ méjì, ó dà á sí i.

"Ẹ da omi báyìí."

Mo dà á. Ó dúró síbẹ̀, ó ń rẹ ilẹ̀ díẹ̀díẹ̀.

Èmi tí wọ́n kọ́ ní ebè kíkọ lóko bàbá mi, ojú mi ò kọ́kọ́ gbà á. Àwa ń gbé ilẹ̀ sókè kí omi má bàa ba iṣu jẹ́. Àwọn ń rì í sísàlẹ̀ kí omi má bàa sá mọ́ wọn lọ́wọ́.

Mo ti wo aago: bí ìṣẹ́jú mẹ́ta ló fi gbẹ́ ẹ. Lálẹ́ mo ṣírò rẹ̀. Hẹ́kítà kan lè gba kòtò 10,000, ó sì lè jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ká fi í sí ìṣẹ́jú mẹ́ta-mẹ́ta, 30,000 ìṣẹ́jú, ìyẹn 500 wákàtí. Ẹni tó bá ń fi wákàtí mẹ́jọ gbẹ́ ẹ lójúmọ́ á lo oṣù méjì gbáko láìsinmi, nínú oòrùn ibẹ̀ yẹn. Ó tó ẹni tó máa sọ kòtò rẹ̀ ní Tètèjí. Ohun tó ń mú wá náà ò kéré ṣá: ilẹ̀ tí kò fúnni ní ṣírí ọkà kan tẹ́lẹ̀ lè mú nǹkan bí 300 kìlógíráàmù wá lórí hẹ́kítà lọ́dún tí òjò ò bá dáa, kó sì tó 1,500 lọ́dún tó bá dáa.

Màlámù ní Burkina làwọn àgbà ìlú wọn ti lọ rí i. Ó bá ìwé mi mu: ní 1989 àwọn àgbẹ̀ kan láti Illéla lọ wo oko ní Yatenga, wọ́n dé ilé, wọ́n ní àwa náà ń ṣe irú èyí láyé àtijọ́, a kàn jù ú nù ni. Kò pẹ́, fako tí ẹnikẹ́ni kì í wò lẹ́ẹ̀mejì di ohun tí wọ́n ń fowó rà. Mo wá bi í pé tó bá rí bẹ́ẹ̀, kí ló ń ṣe ní Ìbàdàn? Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní ọkùnrin mẹ́fà ni bàbá àwọn bí. "Tassa kì í bí ilẹ̀, Màmá."

Ohun kan tún wà níwájú díẹ̀ nínú ìwé náà. Ní Maradi, ní Niger, Tony Rinaudo, ará Ọsirélíà, ṣàkíyèsí ní 1983 pé àwọn igbó kéékèèké tí gbogbo èèyàn ń ṣán dànù lóko, kùkùté igi ńlá tó ṣì wà láàyè lábẹ́ ilẹ̀ ló ń hù ú. Ká dá ẹ̀hù díẹ̀ sí, ká rẹ́ ìyókù, igi ti padà nìyẹn. Wọ́n ní ó ti dé ilẹ̀ tó tó mílíọ̀nù márùn-ún hẹ́kítà ní Niger. Orúkọ tí Haúsá ń pè é? Sassabin zamani. Ìṣánko ìgbàlódé. Kò jù bẹ́ẹ̀ lọ! Ọ̀rọ̀ tí Òyìnbó fi odidi ìlà kan kọ.

Ibẹ̀ ni mo ti rí i pé ibi tí kò yẹ ni mo ti ń wá ọ̀rọ̀ mi. Ohun tí ilẹ̀ máa dà lẹ́yìn iṣẹ́ ni mo ń wá orúkọ fún. Àwọn tó ń ṣe é, ohun tí ọwọ́ wọn ń ṣe láàárọ̀ ni wọ́n fi sọ ọ́.

Ìyá ìyá mi ò gbọ́ orúkọ Sahara rí, síbẹ̀ ó ní ọ̀rọ̀ náà lẹ́nu. "Ibi yìí ti di aṣálẹ̀, ẹ jẹ́ ká fi í sílẹ̀ kó sinmi." Oko ẹ̀gẹ́ lẹ́yìn odò ló ń bá wí. Aṣálẹ̀ tirẹ̀ ni ilẹ̀ tó ti ṣá, bí àdìrẹ ṣe ń ṣá. Ilé ìwé ló gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sọ́dọ̀ ràkúnmí. Ohun tí ó sì máa ń bù láti ààtàn lọ dà sídìí ẹ̀fọ́, ajílẹ̀ ni. Ajílẹ̀: ohun tó ń jí ilẹ̀. Mossi ní ẹni tó tètè jí, àwa ní ohun tó ń jí ilẹ̀. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ pariwo nídìí tábìlì. Mo kọ "ìjílẹ̀", mo fi ránṣẹ́ sí ọ̀gá ètò lọ́sàn-án òní, mo lọ sun díẹ̀.

Ìpè rẹ̀ ló jí mi. Ẹ̀rín ò jẹ́ kó sọ̀rọ̀. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú. Ìjílẹ̀? Ní Ìbàdàn? Àwọn ajagungbalẹ̀ ni gbogbo èèyàn máa rò pé à ń ṣe ètò lé lórí o."

Mi ò ronú kàn án rárá. Jí ni jí, ẹni jí lójú oorun, ẹni jí nǹkan ẹlẹ́nìkejì. Mo ní kó fún mi ní wákàtí kan. Mo dé orí "ìtalẹ̀jí", bí a ṣe ń sọ pé ariwo ta mí jí. Mo kà á sókè, mo sì gbọ́ ọ fúnra mi: títa ilẹ̀. Ilẹ̀ tí wọ́n jí, ilẹ̀ tí wọ́n tà. Èdè wa ò tíì rí àyè sọ ọ̀rọ̀ ilẹ̀ kó má bá àwọn ọmọ onílẹ̀ pàdé lójú ọ̀nà. Mo tún rò ó pé kí n yá zaï fúnra rẹ̀ lò, àmọ́ lẹ́nu sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ wa "sáì" ló máa dà, wọ́n á ní tíì Màlámù ni.

Ohun tí mo fi ránṣẹ́ nígbẹ̀yìn ni "jíjí ilẹ̀ lójú oorun". Kì í ṣe ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo. Ó ní òun á gbà á, torí kò sẹ́ni tó ń jí nǹkan gbé lójú oorun nǹkan náà. Mo ní àfi tó bá jẹ́ ní Ìbàdàn.

Aago mẹ́wàá ti kọjá. Lándíọ́ọ̀dù ṣẹ̀ṣẹ̀ kan ilẹ̀kùn ni, ó ń béèrè ta ló gbẹ́ kòtò síbi tí òun ń gbé mọ́tò sí. Mo kúnlẹ̀, mo bẹ̀ ẹ́, mo ní màá dí i láàárọ̀ ọ̀la. Kò tíì mọ̀ pé ìgbẹ́ àgbò òun ló wà nínú rẹ̀.