Civita di Bagnoregio: Abúlé Orí Àpáta tí Àgbàrá ń Jẹ Nídìí

Kí ẹ tó gun afárá Civita, ní àgbègbè Lazio ní Ítálì, ẹ dúró ní òdìkejì ná, kí ẹ wo ẹ̀gbẹ́ àpáta náà dáadáa. Lókè ni tufo wà, òkúta rúsúrúsú tí eérú òkè ayọnáyèéfín dì. Amọ̀ tí òkun fi sílẹ̀ láyé ọjọ́un ló wà nísàlẹ̀. Òjò àti odò kékeré méjì, Rio Chiaro àti Rio Torbido, ló ń fọ amọ̀ yìí lọ. Bí amọ̀ bá ti ṣí, tufo kò rí nǹkan jókòó lé mọ́: á sán láti òkè délẹ̀, á sì já bọ́ tòun ti ilé orí rẹ̀. Wọ́n ti gún irin gígùn wọ inú àpáta kó lè dì mú, ṣùgbọ́n irin ò lè dá omi tó ń jẹ ìsàlẹ̀ dúró.

Àwọn Etruscan, ẹ̀yà àtijọ́ kan ní Ítálì, ló tẹ ibẹ̀ dó, ó lé ní 2,500 ọdún sẹ́yìn. Kì í rọrùn fún ọ̀tá láti gun irú òkè bẹ́ẹ̀, tufo náà sì rọrùn láti gbẹ́. Àwọn ìran tó tẹ̀ lé wọn sọ ihò inú àpáta di àká wáìnì, ilé ẹran, àti ibi ìfún òróró ólífì tí kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ń yí ọlọ rẹ̀. Bonaventura Mímọ́, ẹni mímọ́ Ìjọ Kátólíìkì tó kú ní 1274, ọmọ ibẹ̀ ni. Ilé tí wọ́n ní wọ́n bí i sí ti bá àpáta lọ. Ìlú tó ní bíṣọ́ọ̀bù ni Civita títí ìmìtìtì ilẹ̀ 1695 fi bà á jẹ́. Bíṣọ́ọ̀bù àti àwọn aláṣẹ kó lọ sí Bagnoregio, ìlú tó wà ní òdìkejì afárá lónìí, ará ìlú sì ń tẹ̀ lé wọn díẹ̀díẹ̀. Lónìí, àwọn tó ń gbé ibẹ̀ títí ọdún kò tó ogún.

Láti Róòmù, ẹ wọ ọkọ̀ ojú irin dé Orvieto, kí ẹ wá wọ bọ́ọ̀sì Cotral lọ sí Bagnoregio. Ẹ má fi ọjọ́ Àìkú lọ láìwádìí àkókò bọ́ọ̀sì. Ẹsẹ̀ ni wọ́n ń fi gun afárá tí wọ́n kọ́ ní 1965 náà, bíi 300 mítà. Ìparí rẹ̀ ga gan-an, kò sì sí ibòòji, nítorí náà òwúrọ̀ ló sàn fún àgbàlagbà. Láti 2013 ni wọ́n ti ń gba owó ibodè. Yúrò kan àbọ̀ ni nígbà náà, ó ti di yúrò márùn-ún. Lójú tiwa, owó náà tọ́ sí wọn.

Lẹ́nu Porta Santa Maria, ẹnubodè ìlú náà, kìnnìún olókùúta méjì di orí ènìyàn mú: àmì ìṣẹ́gun ará ìlú lórí ìdílé Monaldeschi ti Orvieto. Bí ẹ bá wọlé, ẹ wo iwájú ilé ńlá kan tí ojú fèrèsé rẹ̀ ń wo òfúrufú. Ara ilé tó kù ti ṣubú. Ẹ yà sí ilé àkójọ ohun ìtàn nípa ilẹ̀ yíya kí ẹ tó rìn síwájú. Ìdíje kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ tí wọ́n ń pè ní Tonna máa ń wáyé ní gbàgede San Donato, lọ́jọ́ Àìkú àkọ́kọ́ nínú oṣù kẹfà àti ìkejì nínú oṣù kẹsàn-án. Gbàgede náà kéré, ẹ tètè dé.