Lẹ́yìn fíìmù 42: ọkọ̀ ojú irin Q ni kí ẹ wọ̀ lọ sí Brooklyn, ẹ má sanwó fún afinimọ̀nà

Bí ẹ bá wo fíìmù 42 tán, ìyẹn fíìmù nípa Jackie Robinson, aláwọ̀ dúdú tó ń gbá bọ́ọ̀lù baseball, tó sì ń wù yín láti lọ fojú rí Ebbets Field, pápá ẹgbẹ́ rẹ̀ ní Brooklyn nílùú New York, ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́ ibẹ̀ fún yín kí owó tó jáde lápò. Pápá náà ò sí mọ́. Ọdún 1960 ni wọ́n ti wó o. Èyí tí òṣèré Chadwick Boseman ti ń sáré gẹ́gẹ́ bíi Jackie Robinson nínú fíìmù náà, Engel Stadium ni, ní ìlú Chattanooga ní ìpínlẹ̀ Tennessee. Ọdún 1930 ni wọ́n ṣí pápá yẹn. Kọ̀ǹpútà ni wọ́n fi ya ìyókù Ebbets mọ́ ọn.

Afinimọ̀nà tó gba dọ́là 60 lọ́wọ́ ẹnì kọ̀ọ̀kan wa ò sọ ìkankan nínú èyí. Ọkọ̀ rẹ̀ há sínú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ní Flatbush Avenue títí ara gbogbo èèyàn fi gbóná. Nígbà tó dé Bedford Avenue, kò pa ẹ́ńjìnnì, kò ṣílẹ̀kùn. Ó nawọ́ sí ilé gogoro alábíríkì kan láti inú ọkọ̀, ó ní, “Ibẹ̀ nìyẹn,” ó sì yí ọkọ̀ padà. Inú bí mi gidigidi. Òkúta ìpìlẹ̀ tí wọ́n kọ ọ́ sí pé ibẹ̀ ni Ebbets Field wà tẹ́lẹ̀, tí ọdún 1962 wà lára rẹ̀, wà lára ògiri ilé yẹn gan-an. Èèyàn ò lè rí i láti inú ọkọ̀.

Ọkọ̀ ojú irin ò ju dọ́là mélòó kan lọ. Ẹ wọ èyí tí wọ́n ń pè ní Q, ẹ bọ́ sílẹ̀ ní ìdíkọ̀ Prospect Park. B náà máa ń dúró níbẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣiṣẹ́ ní Sátidé àti Sọ́ńdè, ẹ má sì dúró dè é lásán. Ẹnu ọ̀nà tó já sí Empire Boulevard ni kí ẹ gbà jáde, kì í ṣe ti Lincoln Road. Ẹ tọ Empire lọ sí ìhà ìlà oòrùn, ẹ yà sí apá òsì ní Bedford, ẹ ti dé Sullivan Place. Ilé àwọn èèyàn ni o, ẹ má wọ inú ọgbà wọn, ẹ má sì ya fèrèsé wọn ní fọ́tò.

Lórí ilẹ̀ yìí ni Robinson ti kọ́kọ́ jáde fún ẹgbẹ́ Brooklyn Dodgers ní ọjọ́ 15 oṣù Kẹrin ọdún 1947, lẹ́yìn ohun tó lé ní ọgọ́ta ọdún tí wọ́n ti tilẹ̀kùn líìgì àgbà baseball mọ́ aláwọ̀ dúdú. Pé òkúta kan ṣoṣo ni wọ́n fi sàmì irú ibẹ̀ kò tọ́ rárá.

Ibi tí inú mi ti dùn ni Coney Island. Ẹ padà wọ Q kan náà, ẹ jókòó títí dé ìdíkọ̀ tó kẹ́yìn, Stillwell Avenue. Tí ẹ bá ti jáde sí Surf Avenue, ẹ rìn dé iwájú pápá tí wọ́n ń pè ní Maimonides Park báyìí. Ère kan wà níta ibẹ̀, ẹ ò ní san kọ́bọ̀. Robinson àti Pee Wee Reese tí wọ́n jọ wà nínú ẹgbẹ́ Dodgers ni, bàbà ni wọ́n fi ṣe é, William Behrends ló sì gbẹ́ ẹ. Ọdún 2005 ni wọ́n ṣí i. Ẹ súnmọ́ ọn dáadáa. Ọwọ́ Reese gba ẹ̀yìn Robinson kọjá, ó sì gbé e lé e léjìká. Ohun tí fíìmù náà fi hàn ní Cincinnati nìyẹn, níwájú àwọn tó ń bú Robinson. Lọ́dún 2013 kan náà tí fíìmù náà jáde, àwọn ẹni ibi kan kọ ọ̀rọ̀ ìkórìíra sára ère yìí. Wọ́n ti fọ̀ ọ́ nù.

Ibi àkójọ ohun ìrántí Robinson wà ní Manhattan, ní igun Varick àti Canal. Ọdún 2022 ni wọ́n ṣí i. Ọkọ̀ 1 ló súnmọ́ ọn jù, ní Canal Street. Ẹ yẹ ọjọ́ àti aago tí wọ́n ń ṣí wò kí ẹ tó kúrò nílé, kí ẹ sì lọ síbẹ̀ láàárọ̀, kí Coney Island wá gbẹ̀yìn. Sàréè rẹ̀ wà ní Cypress Hills, ọkọ̀ J ló lọ síbẹ̀. Ẹ ya ọjọ́ mìíràn sọ́tọ̀ fún un.

Tó bá jẹ́ ibi tí wọ́n ti ya fíìmù gan-an lẹ ń wá, ẹ kó owó yín lọ sí Birmingham ní Alabama. Pápá Rickwood Field tí wọ́n kọ́ lọ́dún 1910, níbi tí wọ́n ti ya apá kan fíìmù náà, ṣì wà lórí ìdúró.