Ohun tí ọ̀rọ̀ méjì kọ́ mi nídìí iṣẹ́ ìtúmọ̀: “wọ́n” àti “lọ́”

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọ iṣẹ́ ìtúmọ̀ èdè ní Àjàṣẹ́ (Porto-Novo), ní Kétu àti ní Ṣábẹ, ní orílẹ̀-èdè Benin, ìwé pélébé kan tí kò ju ojú ewé méjì lọ ló kọ́ mi ní ohun tí mo fẹ́ bá yín sọ yìí. Èdè Faransé ni wọ́n fi kọ ọ́, wọ́n sì ní kí n sọ ọ́ di Yorùbá fún àwọn àgbẹ̀ tó ń gbin máńgòrò àti ọsàn ní agbègbè Ṣábẹ. Apá kìíní ń ṣàlàyé pé àwọn ọmọ igi tó dára tí wọ́n máa ń tà fún àgbẹ̀ kò ní tó lọ́dún náà. Apá kejì ń kọ́ni bí a ṣe ń mú ẹ̀ka igi kan bọ ara igi mìíràn, kí àgbẹ̀ tí kò bá rí ọmọ igi rà lè ṣe tirẹ̀ lóko. Ọ̀rọ̀ Faransé méjì ló gbé gbogbo rẹ̀ ró: “pénurie”, ìyẹn àìtó nǹkan, àti “greffe”, ìyẹn mímú ẹ̀ka bọ ara igi mìíràn. Mo ṣí ìwé atúmọ̀ èdè, mo rí “ọ̀wọ́n” fún ti àkọ́kọ́, mo rí “lọ́” fún ìkejì, mo sì gbà pé iṣẹ́ ti parí. Kò sí èyí tó jẹ́ àṣìtúmọ̀ nínú méjèèjì, síbẹ̀ méjèèjì ló ṣi àwọn àgbẹ̀ lọ́nà nítorí bí mo ṣe lò wọ́n.

Bí ẹ bá dé ọjà Ouando láàárọ̀ tí ẹ béèrè tòmátì, tí ìyá tó ń tà á sì dá yín lóhùn pé “tòmátì wọ́n”, ohun méjì ló wà nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ó lè jẹ́ pé tòmátì kò wọjà púpọ̀, ó sì lè jẹ́ pé owó rẹ̀ ga. Lọ́pọ̀ ìgbà, méjèèjì ló ń sọ pọ̀, nítorí pé ojú ọjà ni ọ̀rọ̀ yìí fi ń wo ayé, ohun tí kò bá sì pọ̀ lọ́jà, owó rẹ̀ kì í wálẹ̀. Òdìkejì rẹ̀ gan-an rí bẹ́ẹ̀. “Ọ̀pọ̀” ni ohun tí iye rẹ̀ pọ̀, “ọ̀pọ̀” náà sì ni ohun tí a rà ní owó pọ́ọ́kú. Nígbà tí àwọn àgbà sọ pé ọ̀pọ̀ là ń ra ọ̀bùn, ọ̀wọ́n là ń ra ògo, owó ni wọ́n ń sọ, kì í ṣe iye ọ̀bùn tó wà lọ́jà. Ọdún mélòó kan ni mo fi ń sọ Yorùbá lójoojúmọ́ kí n tó ṣàkíyèsí pé ọ̀rọ̀ méjèèjì dọ́gba lọ́nà yìí, inú mi sì máa ń dùn sí i títí di òní. Ẹ tún rántí pé “ọ̀wọ́n” kan náà la fi ń bẹ̀rẹ̀ lẹ́tà sí ẹni tí a fẹ́ràn. Níbẹ̀, “cher” ti Faransé bá a mu, nítorí pé ó ń sọ ti owó, ó sì ń sọ ti ìfẹ́. Ṣùgbọ́n “cher” kò sọ pé nǹkan kò pọ̀. “Rare” ni Faransé ń lò fún ìyẹn. Ẹni tó bá ti inú Faransé bọ́ sínú “ọ̀wọ́n” láìwo ẹ̀yìn, èyí tó fẹ́ sọ nínú mẹ́ta lè má jẹ́ èyí tí etí yóò gbọ́.

Bẹ́ẹ̀ ló ṣe rí fún mi. Mo kọ ọ́ pé “ọmọ igi máńgòrò wọ́n lọ́dún yìí”. Àwọn àgbẹ̀ kà á, wọ́n gbọ́ pé owó rẹ̀ ti ga, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì pinnu láti dúró kí owó náà wálẹ̀ díẹ̀. Wọ́n dúró títí òjò fi rọ̀. Nígbà tí wọ́n dé ibi tí wọ́n ti ń tà á, wọn kò bá ọmọ igi kankan mọ́. Ìyá kan tó ní oko kajú àti máńgòrò sọ fún mi lẹ́yìn náà pé: “Ọmọ mi, ká ní o kọ ọ́ pé kò ní kárí ni, à bá ti tètè lọ.” Ọ̀rọ̀ tí mo ń wá nínú ìwé kò sí nínú ìwé; ẹnu ìyá yìí ló wà.

Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń ya àwọn ọ̀rọ̀ àìtó sọ́tọ̀ọ̀tọ̀. “Kò tó” kò dá dúró, ó ń béèrè pé kò tó kí ni, tàbí kò tó ta ni. Bí ẹ bá kọ ọ́ tí ẹ kò sì fi ìdáhùn sí i, ẹni tó ń kà á yóò fi tirẹ̀ sí i. “Kò kárí” sọ pé nǹkan wà, ṣùgbọ́n bí a bá pín in, àwọn kan yóò lọ lọ́wọ́ òfo. Ó ń kìlọ̀ fún olúkúlùkù pé òun lè wà lára wọn. “Ọ̀dá” ni tèmi tí mo fẹ́ràn jù, nítorí pé ohun tó yẹ kó máa ṣàn tó wá dáwọ́ dúró ló wà fún: ọ̀dá òjò, ọ̀dá owó. Ìyàn, oúnjẹ nìkan ló ni ín. “Ọ̀wọ́n gógó” sì ti kúrò ní ti iye pátápátá, owó ló dojú kọ. Ẹ ó rántí ọdún 2023. Ní ọjọ́ 29 oṣù Karùn-ún, ààrẹ tuntun ní Nàìjíríà kéde pé owó ìrànwọ́ orí epo ti lọ, kò sì pẹ́ tí epo kpayo, ìyẹn epo bẹntiróòlù tí wọ́n ń kó wá láti Nàìjíríà, tí wọ́n ń tà nínú ìgò lẹ́bàá títì ní Àjàṣẹ́ níhìn-ín fi gbówó lórí. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí mo ń bá wo iṣẹ́ rẹ̀ kọ “ọ̀dá epo” sínú ìròyìn tó fẹ́ kà. Mo ní kó bá mi dé ẹnu ọ̀nà. Àwọn ìgò náà wà lórí tábìlì níwájú wa, epo náà pọ́n rẹ́súrẹ́sú nínú wọn, ẹni tó ń tà á jókòó tì wọ́n, kò rí oníbàárà. Epo wà, owó ló fò sókè. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà padà sídìí tábìlì rẹ̀, ó pa “ọ̀dá” rẹ́, ó kọ “ọ̀wọ́n gógó”.

Ọ̀rọ̀ kékeré kan nípa àmì ohùn, nítorí pé ìwé pélébé náà kọ́ mi ní ìyẹn pẹ̀lú. “Igi wọ́n” àti “igi wọn” jìnnà síra, “ẹ wọ́n omi sí i” sì tún yàtọ̀, gbogbo wọn ló sì wà lójú ewé kan náà. Àwọn tó tẹ̀ ẹ́ yọ gbogbo àmì ohùn kúrò. Ì báà jẹ́ “ẹ” àti “ọ” ti àwọn ará Nàìjíríà ni ẹ fi ń kọ, ì báà jẹ́ “ɛ” àti “ɔ” ti ìwé tiwa ní Benin, ẹ má ṣe jẹ́ kí iṣẹ́ yín jáde láìsí àmì.

Ó wá ku “lọ́”. Òun ló dùn mí jù, nítorí pé iṣẹ́ ọwọ́ ènìyàn ló bàjẹ́.

Ẹni tó bá ka Bíbélì èdè Yorùbá, nínú ìwé tí a kọ sí àwọn ará Róòmù, orí 11, yóò rí i níbẹ̀ pé a lọ́ ẹ̀ka igi òróró inú igbó sára igi òróró tí a gbìn. Nítorí náà, ọ̀rọ̀ náà ní ẹ̀rí nínú ìwé, ó sì ti pẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ bi ara yín pé kí ni “lọ́” ń ṣe lẹ́nu ẹni tí kò sí nídìí ìwé náà lọ́wọ́. Pákó tí oòrùn pa tí kò gún mọ́, ó lọ́. Ọ̀rọ̀ tí ìdí rẹ̀ kò ṣeé rí, ó lọ́jú pọ̀. Ẹni tó fi ipá gba nǹkan ẹlòmíràn, ó lọ́ ọ lọ́wọ́ gbà. Èyí tó sì súnmọ́ oko jù lọ ni ìtàkùn: ìtàkùn a máa lọ́ mọ́ igi, yóò yí i ká láti ìsàlẹ̀ dé òkè. Nínú gbogbo wọn, nǹkan kan ń yí, tàbí ó ń tẹ̀. Èmi sì kọ ọ́ pé: “Ẹ lọ́ ẹ̀ka náà mọ́ ìdí igi.” N kò tilẹ̀ lo “sára”, bí Bíbélì ṣe lò ó. “Mọ́” ni mo lò, ti ìtàkùn.

Nígbà tó tó bí oṣù kan lẹ́yìn tí wọ́n pín ìwé náà, mo bá wọn lọ sí abúlé kan tí ènìyàn ti lè máa wo àwọn òkè olókùúta Ṣábẹ lọ́ọ̀ọ́kán. Bàbá kan mú mi lọ sẹ́yìn ilé, níbi tó to àwọn ọmọ ọsàn wẹ́wẹ́ sí nínú ọ̀rá dúdú, wọ́n tó bí ọgbọ̀n. Lára igi kọ̀ọ̀kan ni ẹ̀ka ọsàn tẹ́ẹ́rẹ́ kan ti yí i ká, ẹ̀ẹ̀mejì tàbí ẹ̀ẹ̀mẹta, tí wọ́n fi ọ̀rá tín-ínrín so lókè àti nísàlẹ̀. Iṣẹ́ náà mọ́, ó sì dọ́gba. Mo fi ìka kan ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀ka náà, ó dá pàá. Gbogbo wọn ló ti gbẹ.

Bàbá kò bínú. Ó ní: “Ìwé rẹ ló ní ká lọ́ ọ mọ́ ọn. Ẹ̀ka tó ti gbó kò gbà kí a lọ́ òun, ìyẹn ni mo ṣe ń wá èyí tó rọ̀.” Ẹ gbọ́ ohun tó sọ yẹn dáadáa. Ẹ̀ka tó gbó díẹ̀, tí ojú rẹ̀ ti ń wú, tó ṣe tán láti rúwé, òun ló yẹ fún iṣẹ́ náà. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo tí mo yàn ló mú kí àgbẹ̀ tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ ju ẹ̀ka tó dára nù, kó sì mú èyí tí kò lè yè. Mo ní: “Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, ẹ̀bi mi ni.” Ó ní kí n jókòó.

Lẹ́yìn èyí ni mo lọ jókòó ti ọ̀kan nínú àwọn tó fi iṣẹ́ náà jẹun, tí mo kọ ohun tí ọwọ́ rẹ̀ ń ṣe sílẹ̀, kì í ṣe ohun tí ẹnu rẹ̀ ń sọ. Ó gé orí ọmọ igi tí ìdí rẹ̀ kò ju pẹ́ńsù lọ. Ó fi ọ̀bẹ là á láàárín. Ó gbẹ́ ìdí ẹ̀ka náà ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì títí ó fi mú bí ẹnu àáké. Ó fi í bọ ojú ibi tó là, ó tẹjú mọ́ ọn, ó sún un sí ẹ̀gbẹ́ kan díẹ̀, ó ní ara tútù tó wà lábẹ́ èèpo igi ìsàlẹ̀ gbọ́dọ̀ kan ti ẹ̀ka òkè, àti pé bí wọn kò bá sanra dọ́gba, kí wọ́n kanra ní ẹ̀gbẹ́ kan ó kéré tán. Ó fi ọ̀rá so ó pinpin, ó fi ọ̀rá mìíràn bò ó. Gé, là, gbẹ́, fi bọ̀, so, bò: ọ̀rọ̀ mẹ́fà, àgbẹ̀ kankan kò sì ní béèrè ìtumọ̀ ọ̀kan nínú wọn. Fún èyí tó ti di ara kan, ó ní “èyí ti yè”. Fún èyí tó gbẹ, ó ní “ọ̀dá omi ló pa á”, nítorí pé omi tí gbòǹgbò ń fà kò rí ọ̀nà dé orí ẹ̀ka. Ibẹ̀ ni apá méjèèjì ìwé mi ti pàdé, lẹ́nu ẹni tí kò mọ̀ pé mo ń wá wọn. Nígbà tí mo tún bi í pé ṣé a lè fi máńgòrò bọ ara ọsàn, ó rẹ́rìn-ín, ó ní: “Wọn ò bára tan.” Ìwé Faransé lo gbólóhùn mẹ́rin láti sọ èyí.

Ẹ má ṣe rò pé mo ní kí ẹ sọ “lọ́” nù. Ó yẹ láti fi dárúkọ iṣẹ́ náà, pàápàá bí ẹ bá kọ ọ́ pẹ̀lú “sára”. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹ bá ń pàṣẹ fún ọwọ́ ènìyàn, ọ̀rọ̀ tí ọwọ́ lè ṣe ni kí ẹ lò. Bákan náà, bí dókítà bá sọ ti “greffe” kíndìnrín, ẹ sọ pé wọ́n fi kíndìnrín ẹlòmíràn sí i lára. Kò sí ìdí tí “lọ́” yóò fi wọ inú ara aláìsàn. Ẹ tún ṣọ́ra fún ìkẹta: “la greffe” ni ti igi, ṣùgbọ́n “le greffe” ni ọ́fíìsì tí akọ̀wé ilé ẹjọ́ ń tọ́jú ìwé ẹjọ́ sí. Mo ti rí i nínú iṣẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ kan tí a ní kí olùpẹ̀jọ́ gbé ìwé rẹ̀ lọ síbi tí wọ́n ti ń lọ́ igi. Ìdí kan náà ni méjèèjì ti ṣẹ̀ wá, láti “graphium” èdè Látìnì, ohun ìkọ̀wé ẹlẹ́nu ṣóńṣó. Akọ̀wé jogún rẹ̀ nítorí ìkọ̀wé, ẹ̀ka jogún rẹ̀ nítorí pé a gbẹ́ ẹnu rẹ̀ bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí mo tún ìwé pélébé náà kọ, mo gbé e padà tọ Bàbá lọ. N kò bi í pé ṣé ó yé e, nítorí pé àgbàlagbà yóò sọ fún ẹ pé ó yé òun kí ojú má bàa tì ọ́. Mo kà á sókè fún un, mo sì ní kó ṣe é lójú mi. Ó gé e, ó là á, ó gbẹ́ ẹ, ó fi í bọ̀ ọ́, ó so ó. Ó mú ọ̀rá ìkẹyìn lọ́wọ́, ó dúró.

“O ní ká bò ó. Títí di ìgbà wo?”

Kò sí nínú ohun tí mo kọ. Mo fa bírò yọ, mo sì kọ ọ́ sí etí ìwé níbẹ̀ pé: títí ẹ̀ka náà yóò fi rúwé tuntun.