Bí ìmọ̀ràn ṣe ń dé ọ̀dọ̀ aláṣẹ: iṣẹ́ akọ̀wé àgbà láti ìgbà Adébọ̀

Wọ́n bí Olóyè Simeon Adébọ̀ ní Abẹ́òkúta ní 1913. Iléeṣẹ́ rélùwéè ló ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ọba, ó kàwé di amòfin, ó sì gòkè títí ó fi di olórí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba Ẹkùn Ìwọ̀-Oòrùn ní Ìbàdàn. Ó bá Awólọ́wọ̀ ṣiṣẹ́, ó bá Akíntọ́lá náà ṣiṣẹ́. Ní 1962 ó lọ ṣe aṣojú Nàìjíríà ní Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé ní New York. Nígbà tí ogun abẹ́lé parí, tí ìjọba Gowon ń wá ẹni tí yóò yẹ owó oṣù àwọn òṣìṣẹ́ wò, òun ni wọ́n fi ṣe alága ìgbìmọ̀ náà. Ìjọba ń lọ, ìjọba ń bọ̀, gbogbo wọn ló sì ń wá ìmọ̀ràn rẹ̀. Mo fẹ́ kí ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ sẹkitéríátì mọ ohun tó ń jẹ́ kí irú èyí ṣeé ṣe.

Ohun àkọ́kọ́ ni pé ìmọ̀ràn òṣìṣẹ́ ọba kì í ṣe ọ̀rọ̀ etígbọ̀ọ́. Inú fáìlì ló ń gbé. Bí lẹ́tà kan bá wọlé, wọ́n á fi sínú fáìlì rẹ̀, wọ́n á kọ nọ́ńbà sí ojú ìwé kọ̀ọ̀kan. Òṣìṣẹ́ tí ọ̀rọ̀ náà wà lábẹ́ rẹ̀ ni yóò kọ́kọ́ kọ èrò tirẹ̀: kí ni wọ́n béèrè, ojú ìwé wo ni ẹ̀rí wà, kí ni ìjọba ti pinnu tẹ́lẹ̀ lórí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀, ọ̀nà mélòó ló ṣí sílẹ̀, èwo ni òun fara mọ́. Ó di ọ̀dọ̀ ọ̀gá rẹ̀, láti ibẹ̀ ó di ọ̀dọ̀ dáríkítọ̀, ó di ọ̀dọ̀ akọ̀wé àgbà, ìyẹn òṣìṣẹ́ ọba tó ga jù ní iléeṣẹ́ ìjọba náà, kó tó dé iwájú kọmíṣánnà tàbí mínísítà. Ẹni tó wà lókè lè sọ pé òun kò gbà, ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ pa ohun tí ọmọ abẹ́ rẹ̀ kọ rẹ́. Abẹ́ rẹ̀ ni yóò kọ tirẹ̀ sí, yóò fọwọ́ sí i, yóò fi déètì sí i.

Ibi tó ti ń bàjẹ́ pọ̀. Òṣìṣẹ́ kékeré á kọ pé òun ń dúró de ìtọ́sọ́nà ọ̀gá, kò ní dá àbá kankan. Ọ̀gá náà á kọ KIV (keep in view, ìyẹn ni pé kí wọ́n ṣì fi í sílẹ̀ ná), fáìlì á sùn sínú àpótí. Èyí tó burú jù ni kí wọ́n wá fáìlì tì, kí wọ́n sì ṣí òmíràn fúngbà díẹ̀. Ìdajì ìtàn á wà nínú ti àkọ́kọ́, ìdajì á wà nínú ìkejì, mínísítà á sì buwọ́ lu ohun tó ta ko ìpinnu tí ìjọba ti ṣe ní ọdún mẹ́ta sẹ́yìn. Ẹ má ṣe ṣí fáìlì fúngbà díẹ̀ láìkọ nọ́ńbà ti àkọ́kọ́ sí ẹ̀yìn rẹ̀, ẹ sì rí i pé wọ́n pa méjèèjì pọ̀ bí ti àkọ́kọ́ bá ti jáde.

Bí ọ̀rọ̀ bá tóbi ju mínísítà kan lọ, ó di ìwé tí wọ́n ń gbé lọ síwájú Ìgbìmọ̀ Aláṣẹ, níbi tí olórí ìjọba àti àwọn mínísítà rẹ̀ ti ń ṣèpinnu. Apá tó yẹ kó wà níbẹ̀ kò pọ̀: ìdí tí a fi kọ ọ́, ìtàn ọ̀rọ̀ náà, àlàyé, iye owó tí yóò gbà, ohun tí iléeṣẹ́ ètò ìṣúná àti ti ètò ìdájọ́ sọ, àti ohun tí a ń tọrọ lọ́wọ́ Ìgbìmọ̀. Apá ìkẹyìn yìí ni ìwé náà dúró lé. Inú rẹ̀ ni wọ́n ti ń fa ìpinnu yọ, nítorí náà bí ẹ bá kọ síbẹ̀ pé kí Ìgbìmọ̀ fọwọ́ sí iṣẹ́ náà, tí ẹ kò dárúkọ iye owó, ibi tí owó yóò ti jáde àti iléeṣẹ́ tí yóò ṣe é, ìpinnu yóò jáde lóòótọ́, ṣùgbọ́n owó kò ní jáde. Ohun mìíràn tó ń pa irú ìwé bẹ́ẹ̀ ni kí mínísítà gbé e wọlé láàárọ̀ ọjọ́ ìpàdé gan-an. Àwọn yòókù kò tíì kà á, ẹni tó bá mọ̀rọ̀ọ́ sọ jù níbẹ̀ ni yóò borí.

Ẹ wo ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ tí Ẹkùn Ìwọ̀-Oòrùn bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kìíní 1955. Iye ọmọ tó wà nílé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kò tó 500,000 ní ọdún tó ṣáájú, ó sì lé ní 800,000 lẹ́ẹ̀kan náà. Owó orí tí wọ́n bù lé aráàlú nítorí ètò yìí bí wọn nínú, ẹgbẹ́ NCNC sì borí Ẹgbẹ́ Ọlọ́pẹ (Action Group) tí Awólọ́wọ̀ ń darí ní ẹkùn náà nínú ìdìbò àpapọ̀ 1954. Kì í ṣe òṣìṣẹ́ ọba ni yóò pinnu bóyá ìbò tí a pàdánù tó nǹkan. Tirẹ̀ ni láti sọ iye olùkọ́, iye yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ àti iye owó tí ọdún kejì àti ọdún kẹta yóò béèrè, kó má sì dín in kù láti tẹ́ ọ̀gá lọ́rùn. Olóṣèlú tó mọ iye tó ń lọ lè pinnu láti lọ síbẹ̀, bí wọ́n ti ṣe nígbà náà.

Nígbà tí ológun gba ìjọba ní 1966, kò sí mínísítà mọ́, àwọn akọ̀wé àgbà ìjọba àpapọ̀ bíi Allison Ayida àti Philip Asiodu sì di ẹni tí gbogbo ayé ń rí. Lẹ́yìn ìpàdé tí Gowon, Ojukwu àti àwọn ọ̀gágun yòókù ṣe ní Aburi ní Ghana ní oṣù kìíní 1967 ni àwọn akọ̀wé àgbà jókòó nílùú Èkó, tí wọ́n kọ ohun tí àdéhùn tí wọ́n ṣe níbẹ̀ yóò sọ agbára ìjọba àpapọ̀ dà. Ọ̀rọ̀ sùnnùkùn, ojú sùnnùkùn la fi ń wò ó. Ohun yòówù kí ẹnì kan rò nípa ìmọ̀ràn yẹn, ó dé lẹ́yìn tí àwọn ọ̀gágun ti fohùn ṣọ̀kan. Ìmọ̀ràn tó bá dé lẹ́yìn àdéhùn, ẹ̀tàn ni ẹni tó wà lódì kejì yóò pè é. Ó yẹ kí ìwé bẹ́ẹ̀ wà lọ́wọ́ olórí kó tó wọ bàálù.

Ní 1975 ni Murtala Muhammed dé, tí wọ́n sì lé òṣìṣẹ́ tó ju 10,000 lọ. Ìwà ìbàjẹ́ wà láàárín wọn lóòótọ́, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ni kò rí àyè wí tẹnu rẹ̀. Láti ìgbà náà ni ẹni tó bá ń kọ èrò rẹ̀ sínú fáìlì ti ń kọ́kọ́ ro ọ̀nà tí yóò gbà jẹun bí wọ́n bá lé e lọ́la. Ní 1988 ìjọba Babangida fi òfin kẹtàlélógójì sọ akọ̀wé àgbà di ọ̀gá àgbà (Director-General) tó ń bá ìjọba tó yàn án kúrò, wọ́n sì fi mínísítà ṣe ẹni tí yóò máa jíhìn owó iléeṣẹ́. Ayida kan náà ni wọ́n pè padà ní 1994 láti yẹ ètò náà wò, ìgbìmọ̀ rẹ̀ sì dábàá pé kí wọ́n dá a padà sí bó ṣe wà. Mo gbà pé òtítọ́ ni wọ́n sọ. Ẹni tó mọ̀ pé òun ń bá gómìnà lọ kò ní kọ̀wé tí gómìnà kò fẹ́ kà.

Lónìí, 35 ọdún lẹ́nu iṣẹ́ tàbí 60 ọdún láyé, èyí tó bá kọ́kọ́ pé, ni òṣìṣẹ́ ọba ń fẹ̀yìn tì. Ìwé òfin 1999 sì ní inú àwọn akọ̀wé àgbà tàbí àwọn tó bá wọn dọ́gba nìkan ni a ti lè mú olórí òṣìṣẹ́ ìjọba. Akọ̀wé àgbà ló tún ń jíhìn owó iléeṣẹ́ rẹ̀. Bí àwọn aṣòfin bá ń béèrè ibi tí owó wọlé sí, òun ni wọn yóò pè. Nítorí náà, bí mínísítà bá pàṣẹ ìnáwó tí kò bófin mu, kí ó kọ ọ́ sínú fáìlì lọ́jọ́ kan náà: òfin wo ló ta kò ó, iye owó náà, ọ̀nà mìíràn tí iṣẹ́ náà fi lè di ṣíṣe. Kí ó gbé fáìlì náà padà lọ sọ́dọ̀ mínísítà, kí ó sì bẹ̀ ẹ́ kó kọ èsì tirẹ̀ sábẹ́ rẹ̀ pẹ̀lú ọwọ́ ara rẹ̀. Ọ̀pọ̀ àṣẹ bẹ́ẹ̀ ni kì í padà wá mọ́ bí ó bá ti di ọ̀rọ̀ kíkọ.